Igbó Tí Ń Tan Ìmọ́lẹ̀: Ọ̀rọ̀ Lórí Ilẹ̀ Àròsọ Tí A Ń Pè Ní Pandora

Ọ̀rọ̀ ilẹ̀ àròsọ kì í ṣe ọ̀rọ̀ tuntun létí ẹnikẹ́ni tí ó bá ń ka ìwé ìtàn Yorùbá. Láti ìgbà tí Ògbójú Ọdẹ nínú Igbó Irúnmalẹ̀ ti D. O. Fágúnwà ti jáde ní 1938 ni a ti mọ̀ pé òǹkọ̀wé lè dá igbó kan sílẹ̀ tí ẹsẹ̀ ènìyàn kò tẹ̀ rí, kí àwa tí a ń kà á sì máa bá a rìn níbẹ̀ bí ẹni pé a mọ ọ̀nà. Ṣùgbọ́n oríṣi ilẹ̀ àròsọ kan wà tí àwọn ọmọ ilé-ìwé wa mọ̀ dáradára lónìí, tí àwa olùkọ́ wọn kò sì tíì fi bẹ́ẹ̀ yẹ̀ wò. Èyí ni ilẹ̀ tí ewéko rẹ̀ ń tan ìmọ́lẹ̀ fúnra wọn: ewé ń tàn, ìtàkùn ń tàn, ilẹ̀ tí a ń tẹ̀ mọ́lẹ̀ pàápàá ń tàn. Èyí tí ó lókìkí jù nínú wọn ni Pandora, igbó inú sinimá Avatar, tí James Cameron, ọmọ ilẹ̀ Kánádà, gbé jáde ní oṣù Kejìlá ọdún 2009, tí ó sì ti bí àwọn àbúrò méjì ní 2022 àti 2025.

Àwọn kan a máa sọ pé ọ̀ṣọ́ lásán ni ìmọ́lẹ̀ yìí, pé ohun tí a fi ń fa ojú ọmọdé mọ́ra ni. Ohun tí mo fẹ́ fi hàn nínú àròkọ yìí ni pé ọ̀rọ̀ kò rí bẹ́ẹ̀. Ìmọ́lẹ̀ inú igbó Pandora ní òfin. Ó ní orísun, ó ní ìdí, ó ní iye tí a fi ń rà á, ó sì ní ìwà tí ẹni tí ó bá fẹ́ rí i gbọ́dọ̀ hù. Òfin yìí ni ó mú kí a gba ilẹ̀ náà gbọ́, kì í ṣe dídán rẹ̀. Bí a bá lóye òfin náà, a ó lóye pẹ̀lú ìdí rẹ̀ tí ọ̀pọ̀ nínú àwọn ilẹ̀ àròsọ tí àwọn ọ̀dọ́ wa ń kọ ní èdè wa lónìí fi ń dán tí wọn kò sì mọ́lẹ̀.

Bí ilẹ̀ náà ti rí

Pandora jẹ́ òṣùpá kan tí ìtàn náà sọ pé ó ń yí Polyphemus, ayé ńlá kan, po lẹ́bàá ìràwọ̀ Alpha Centauri. Ìràwọ̀ yìí wà ní tòótọ́, ó sì wà lára àwọn tí ó súnmọ́ oòrùn wa jù lọ. Ṣùgbọ́n Polyphemus àti Pandora, ọpọlọ ènìyàn ni ó bí wọn. Ọdún 2154 ni a fi ìtàn náà sí. Ilé-iṣẹ́ ńlá kan láti ayé wa yìí ti kó ẹ̀rọ àti ọmọ ogun lọ síbẹ̀ láti wa ohun àlùmọ́nì kan tí owó rẹ̀ ga púpọ̀. Afẹ́fẹ́ ibẹ̀ a máa pa ọmọ ènìyàn. Nítorí náà kò sí ẹni tí ó lè jáde láìfi ohun èlò bo imú àti ẹnu. Àwọn onímọ̀ wá ṣe ara mìíràn tí ó jọ ti àwọn ọmọ ilẹ̀ náà, èyí tí ènìyàn lè máa darí láti orí ibùsùn bí ẹni tí ń lá àlá. Ara bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń pè ní avatar. Jake Sully, ọmọ ogun àtijọ́ kan tí ẹsẹ̀ rẹ̀ méjèèjì ti rọ, ni a bá wọ inú igbó náà.

Àwọn ọmọ onílẹ̀ ni Na'vi. Wọ́n ga tó ìwọ̀n mítà 3, ara wọn dúdú bí aró tí kò tíì gbó, wọ́n sì ní ìrù. Lójú àti lára wọn ni àmì kéékèèké wà tí ń tàn bí ilẹ̀ bá ṣú. Kí òǹkàwé má fi ojú kékeré wo èyí. Àwọn ènìyàn ibẹ̀ pàápàá wà lábẹ́ òfin kan náà pẹ̀lú igi àti koríko wọn; ìmọ́lẹ̀ kì í ṣe ohun tí wọ́n ní, ohun tí wọ́n jẹ́ ni.

Ní ọ̀sán, igbó Pandora dà bí igbó ńlá ilẹ̀ olójò: igi gíga, ìtàkùn tí ó so kọ́, odò àti àpáta. Bí oòrùn bá wọ̀, nǹkan yí padà. Àwọn ewéko kéékèèké tí ó bo ilẹ̀ a máa tàn ní ibi tí àtẹ́lẹsẹ̀ bá kàn, ìmọ́lẹ̀ náà a sì rọra kú lẹ́yìn ẹni tí ó kọjá. Ìtàkùn a fà sílẹ̀ bí ìlẹ̀kẹ̀ tí a tan iná sí nínú. Ewéko kan wà tí ó ga tó ènìyàn, tí ó ká bí ìkarahun ìgbín. Bí a bá fi ìka kàn án, a fà wọ inú ilẹ̀ wìì. Irúgbìn igi mímọ́ ilẹ̀ náà a máa léfòó nínú afẹ́fẹ́ bí òwú ẹ̀gùngùn, funfun, wọ́n a sì máa tàn. Àwọ̀ tí ó gbilẹ̀ jù ni àwọ̀ aró, àwọ̀ ewé àti àwọ̀ àlùkò. Kò sí èéfín níbẹ̀, kò sì sí ooru.

Iná ọwọ́ àlejò

Ọ̀nà tí Cameron gbà fi ìmọ́lẹ̀ yìí hàn wá ni mo kà sí ohun tí ó jinlẹ̀ jù nínú gbogbo iṣẹ́ náà. Ní alẹ́ àkọ́kọ́ tí Jake sọnù sínú igbó, ó fi igi ṣe ògùṣọ̀, ó tan iná sí i, ó sì ń jù ú síhìn-ín sọ́hùn-ún nítorí àwọn ẹranko kan tí ó dà bí ajá, tí wọ́n ti yí i ká. Obìnrin Na'vi kan, Neytiri, ni ó gbà á lọ́wọ́ wọn. Lẹ́yìn ìjà náà, Neytiri gba ògùṣọ̀ náà, ó sì sọ ọ́ sínú omi. Iná kú. Ìgbà náà ni igbó tàn.

Ẹ jẹ́ kí a kíyè sí i pé kì í ṣe pé igbó náà ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í tàn. Ó ti ń tàn bọ̀ láti ìgbà tí ilẹ̀ ti ṣú. Iná ọwọ́ Jake ni kò jẹ́ kí ó rí i. Ẹnikẹ́ni tí ó bá ti gbé fìtílà rin ọ̀nà oko lóru mọ òtítọ́ yìí dáradára: ibi tí fìtílà dé ni a ń rí, lẹ́yìn ibẹ̀, òkùnkùn biribiri ni. Ẹni tí ó bá fẹ́ mọ ohun tí ó wà níwájú ju ẹsẹ̀ bíi mélòó kan lọ, àfi kí ó gbé fìtílà pamọ́ kí ojú rẹ̀ mọ òkùnkùn.

Òfin àkọ́kọ́ nìyí: ìmọ́lẹ̀ ilẹ̀ náà kò hàn sí ẹni tí kò bá pa iná tirẹ̀. Gbogbo ìtàn náà ni ó sì dúró lé e lórí. Iná kékeré ọwọ́ Jake àti iná ńlá ọwọ́ àwọn ọmọ ogun tí wọ́n ń bọ̀ lẹ́yìn, ọmọ ìyá ni wọ́n. Ohun àlùmọ́nì tí ilé-iṣẹ́ náà ń wá pọ̀ gidigidi lábẹ́ igi ràbàtà kan tí odindi ìran Na'vi fi ṣe ilé. Wọ́n fi iná wó igi náà. Ẹni tí kò tíì rí i pé ilẹ̀ náà ń tàn ni ó lè ṣe bẹ́ẹ̀, nítorí lójú rẹ̀ òkùnkùn ni ó dáná sun.

Ohun tí ń tàn nínú ayé tiwa

Kí a tó lè sọ bóyá irú igbó bẹ́ẹ̀ bójú mu, ó yẹ kí a béèrè ohun tí ń tàn nínú ayé tiwa àti ìdí tí ó fi ń tàn. Gbogbo wa ni a mọ tanátaná, kòkòrò tí ń fi ìmọ́lẹ̀ ìdí rẹ̀ pe akọ tàbí abo lóru. Nínú òkun, ẹ̀dá tí ń tàn kò lóǹkà. Nínú igbó jíjẹrà, irú olú kan a máa tàn, àwọn onímọ̀ sì ti ka oríṣi wọn ju 100 lọ. Ṣùgbọ́n igi kò sí nínú wọn. Kò sí ewéko tòótọ́ kan, yálà igi, koríko tàbí òdòdó, tí a mọ̀ pé ó ń tan ìmọ́lẹ̀ tí ojú lè rí láìjẹ́ pé ọwọ́ ènìyàn kàn án. Olú kì í ṣe ewéko. Kò ń gba ìtànṣán oòrùn dáná oúnjẹ rẹ̀ bí ewé ti í ṣe. Ewéko kékeré kan wà nínú ihò àpáta ní ilẹ̀ Yúróòpù tí ó jọ pé ó ń tàn, ṣùgbọ́n ìmọ́lẹ̀ ìta ni ó ń gbà tí ó sì ń dá padà, bí ojú ológbò.

Ìmọ́lẹ̀ àwọn ẹ̀dá wọ̀nyí kì í ṣe iná. Èròjà kan wà lára wọn tí a ń pè ní luciferin. Bí ó bá pàdé ọ́síjìn inú afẹ́fẹ́, tí èròjà kejì tí a ń pè ní luciferase sì ràn wọ́n lọ́wọ́, ìmọ́lẹ̀ a jáde láìsí ooru tí a lè fura sí. Raphaël Dubois, ọmọ ilẹ̀ Faransé, ni ó fún àwọn èròjà náà ní orúkọ wọ̀nyí ní apá ìparí ọ̀rúndún kọkàndínlógún. Ṣùgbọ́n ṣáájú rẹ̀, ní 1667, Robert Boyle ti gbé igi jíjẹrà tí ń tàn sínú ìgò kan, ó fa afẹ́fẹ́ inú ìgò náà jáde, ìmọ́lẹ̀ sì rẹ̀ sílẹ̀. Nígbà tí ó dá afẹ́fẹ́ padà, ìmọ́lẹ̀ sọjí. Ìmọ́lẹ̀ náà nílò afẹ́fẹ́ bí ohun tí ń mí.

Ìtàn kan wà láti ilẹ̀ Brasil tí ó wúlò fún wa níhìn-ín. Ní ìparí ọdún 1839, George Gardner, onímọ̀ ewéko láti ilẹ̀ Skọ́tíláǹdì, ń kọjá lóru ní ìlú kan tí a ń pè ní Natividade. Ó rí àwọn ọmọdékùnrin tí wọ́n ń fi ohun kan tí ń tàn ṣeré. Ó rò pé tanátaná ńlá kan ni. Nígbà tí ó wò ó, olú ni. Ara imọ̀ ọ̀pẹ kúkúrú kan tí ń jẹrà ni ó ti ń hù. Àwọn ará ibẹ̀ ń pè é ní flor de coco, èyí tí ó túmọ̀ sí òdòdó àgbọn. Lónìí, orúkọ Gardner ni olú náà ń jẹ́ nínú ìwé àwọn onímọ̀: Neonothopanus gardneri. Ní 2015, àwọn onímọ̀ kan fi hàn pé olú yìí ní agogo nínú ara rẹ̀ tí ó ń mú kí ó tàn jù ní òru. Wọ́n ṣe ayédèrú olú, wọ́n fi iná kékeré sí inú àwọn kan, wọn kò fi sí inú àwọn yòókù, wọ́n sì gbé wọn sínú igbó. Èyí tí ń tàn ni kòkòrò púpọ̀ wá bá. Olú náà ń pe kòkòrò kí wọ́n lè bá a gbé irúgbìn rẹ̀ lọ. Ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ kì í ṣe ọ̀ṣọ́, ìpè ni.

Nínú òkun, ìdí mìíràn wà. Àwọn ẹ̀dá tín-ín-tín kan wà tí wọ́n a máa tàn bí omi bá ti rú. Àlàyé tí àwọn onímọ̀ ṣe ni pé bí ẹranko kékeré kan bá wá láti jẹ wọ́n, ìmọ́lẹ̀ wọn a tú àṣírí rẹ̀ fún ẹranko ńlá tí ń dọdẹ rẹ̀. Bí ẹni tí ó kígbe olè ni: kò ní agbára, ṣùgbọ́n ó ní ohùn.

Àlá, òkun àti onímọ̀

Ẹni tí ó bá mọ èyí yóò tètè rí i pé òkun ni Cameron gbé wá sí orí ilẹ̀. Ilẹ̀ tí ń tàn níbi tí ẹsẹ̀ bá kàn ni omi òkun tí ń tàn níbi tí ọwọ́ bá rú u. Ewéko kíká tí ń sá wọ inú ilẹ̀ jọ ekòló òkun kan tí ń gbé lára iyùn, tí í fa ara rẹ̀ wọlé ní ìṣẹ́jú àáyá bí òjìji bá kọjá lórí rẹ̀. Àwọ̀ aró tí ó bo gbogbo igbó náà ni àwọ̀ tí ó wọ́pọ̀ jù láàrin àwọn ẹ̀dá ibú, nítorí òun ni ó ń rìn jìnnà jù nínú omi òkun. Kò yani lẹ́nu, nítorí Cameron fúnra rẹ̀ jẹ́ arìnrìn-àjò ibú. Ó ti wọ ibú lọ wo ọkọ̀ Titanic tí ó rì, ó sì dá nìkan sọ̀kalẹ̀ ní ọjọ́ 26 oṣù Kẹta ọdún 2012 dé ibi tí ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó kìlómítà 11 ní ìsàlẹ̀ òkun Pásífíìkì.

Ó ti sọ pé nígbà tí òun wà ní ọmọ ọdún 19, òun lá àlá igbó kan tí ń tàn, tí ilẹ̀ rẹ̀ ń mọ́lẹ̀ lábẹ́ ẹsẹ̀, òun sì jí, òun yà á sórí ìwé. Ṣùgbọ́n kò fi mọ sí àlá. Nígbà tí iṣẹ́ dé ojú ẹ̀, ó wá Jodie Holt, onímọ̀ ewéko ní Yunifásítì Kalifọ́níà ní Riverside, ẹni tí ó bá àwọn ewéko náà wá orúkọ ní ìlànà Látìn bí àwọn onímọ̀ ti í ṣe, tí ó sì kọ àpèjúwe wọn. Ewéko kíká tí mo mẹ́nu bà ń jẹ́ Helicoradium spirale. Àlá ni ó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, òkun ni ó fún un ní ìwà, onímọ̀ ni ó sọ ọ́ lórúkọ.

Iye tí a fi ń ra ìmọ́lẹ̀

Ìmọ́lẹ̀ a máa jẹun. Ọ̀rọ̀ yìí kò hàn tó títí di ìgbà tí àwọn ènìyàn gbìyànjú láti ṣe ewéko tí ń tàn ní tòótọ́. Ní 1986, àwọn onímọ̀ kan ní Amẹ́ríkà mú àbùdá kan láti ara tanátaná, wọ́n sì fi sí ara tábà. Tábà náà kò lè tàn fúnra rẹ̀. Àfi kí wọ́n fi luciferin bomi rin ín, ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ sì ṣú tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi jẹ́ pé ẹ̀rọ ayàwòrán ní láti lajú sílẹ̀ fún ìgbà pípẹ́ kí ó tó mú un. Ní 2020, àwọn mìíràn lo àbùdá olú tí ń tàn dípò ti tanátaná. Nígbà yìí tábà ń tàn láti kékeré títí ó fi yọ òdòdó, nítorí èròjà tí olú fi ń ṣe ìmọ́lẹ̀ wà lára ewéko tẹ́lẹ̀. Nígbà tí ó di 2024, wọ́n ti ń ta òdòdó petunia tí ń tàn ní ilẹ̀ Amẹ́ríkà. Ọ̀mùnú àti òdòdó tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń yọ ni ó ń tàn jù, nítorí ibẹ̀ ni ìgbésí ayé ewéko náà ti gbóná jù. Síbẹ̀, ẹni tí ó bá fẹ́ rí i gbọ́dọ̀ pa iná yàrá rẹ̀, kí ó sì dúró kí ojú rẹ̀ mọ òkùnkùn. Òfin Neytiri kò yẹ̀.

Oúnjẹ tí ewéko rí gbà lọ́wọ́ oòrùn ní ọ̀sán ni ó ń ná fún ìmọ́lẹ̀ ní òru. Ewéko inú igbó kì í sì í ná oúnjẹ rẹ̀ lásán. A rí ẹ̀rí èyí láti ọ̀nà mìíràn pẹ̀lú. Ní oṣù Karùn-ún ọdún 2017, ilé-iṣẹ́ Disney ṣí ọgbà kan ní Flọ́rídà tí wọ́n kọ́ bí Pandora. Igi wà níbẹ̀, òdòdó wà níbẹ̀, gbogbo wọn ń tàn lálẹ́. Wáyà ni ó ń gbé iná wá fún wọn. Níbi tí ìmọ́lẹ̀ kò ti ní ìdí tirẹ̀, ẹlòmíràn ni ó gbọ́dọ̀ san owó rẹ̀.

Kí ni ìdí tí igbó Pandora ní? Onímọ̀ ewéko inú ìtàn náà, Grace Augustine, ṣe àlàyé fún ọ̀gá ilé-iṣẹ́ náà pé igi 1,000,000,000,000 ni ó wà lórí Pandora, pé ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn ní ìsopọ̀ 10,000 pẹ̀lú àwọn igi tí ó yí i ká, àti pé ìsopọ̀ wọ̀nyí ju ti inú ọpọlọ ènìyàn lọ. Gbòǹgbò ń bá gbòǹgbò sọ̀rọ̀. Sinimá náà kò sọ ní gbangba pé ìmọ́lẹ̀ ni ọ̀rọ̀ náà, ṣùgbọ́n ó fi hàn wá: nígbà tí àwọn Na'vi péjọ sí abẹ́ igi mímọ́ wọn láti tọrọ ẹ̀mí Grace tí ó ń kú lọ, ìmọ́lẹ̀ ń rú bí ìgbì láti ilẹ̀ gba àárín wọn kọjá. Lójú tèmi, ìdí rẹ̀ nìyí. Ohun tí a ń rí ní òru Pandora ni ìgbìmọ̀ igi. Ọ̀gá ilé-iṣẹ́ náà gbọ́ àlàyé Grace, ó sì fi rẹ́rìn-ín.

Igi méjì inú ìtàn Tolkien

Kì í ṣe Cameron ni ẹni àkọ́kọ́ tí ó mú igi tàn nínú ìtàn. Ẹ jẹ́ kí a fi tirẹ̀ wé ti J. R. R. Tolkien, tí a bí ní Bloemfontein ní Gúúsù Áfíríkà ní 1892, tí ó sì di ọ̀jọ̀gbọ́n ní Oxford. Nínú ìwé The Silmarillion, tí ọmọ rẹ̀ Christopher tẹ̀ jáde ní 1977 lẹ́yìn ikú bàbá rẹ̀, igi méjì ni ó ń tan ìmọ́lẹ̀ fún ilẹ̀ àwọn ẹni ńlá kí oòrùn àti òṣùpá tó wà. Telperion ń tan ìmọ́lẹ̀ fàdákà, Laurelin ń tan ti wúrà. Yavanna, ẹni tí ó ni ewéko, ni ó fi orin mú wọn hù; omijé Nienna ni a fi bomi rin wọ́n. Ọ̀kọ̀ọ̀kan a máa tàn títí yóò fi kún, a sì rẹ̀ sílẹ̀ láàrin wákàtí 7, ṣùgbọ́n èkejì a ti jí ní wákàtí kan kí èkíní tó kú. Nítorí náà, ní ẹ̀ẹ̀mejì lóòjọ́, ìmọ́lẹ̀ fàdákà àti ti wúrà a dàpọ̀.

Oníṣẹ́ ọwọ́ kan, Fëanor, gba díẹ̀ nínú ìmọ́lẹ̀ náà, ó tì í mọ́ inú òkúta iyebíye mẹ́ta. Nígbà tí Melkor ọ̀tá fi ọ̀kọ̀ gún àwọn igi náà, tí aláǹtakùn ńlá kan sì mu oje wọn gbẹ, Yavanna sọ pé díẹ̀ nínú ìmọ́lẹ̀ inú òkúta wọ̀nyí lè jí wọn. Fëanor kọ̀. Kò mọ̀ pé Melkor ti jí òkúta náà lọ ní àkókò yẹn gan-an. Òdòdó kan ṣoṣo tí Telperion yọ kí ó tó kú ni ó di òṣùpá. Èso kan ṣoṣo tí Laurelin so ni ó di oòrùn.

Òfin ibí yìí yàtọ̀ sí ti Pandora. Lọ́dọ̀ Cameron, ẹni tí ó gbé iná tirẹ̀ lọ́wọ́ ni kò rí ìmọ́lẹ̀. Lọ́dọ̀ Tolkien, ẹni tí ó rí i dáradára, tí ó sì fẹ́ràn rẹ̀, ni ó tì í mọ́ àpótí. Ṣùgbọ́n àwọn méjèèjì fẹnu kò sí ibì kan: ìmọ́lẹ̀ tí ń hù bí igi, ti gbogbo ènìyàn ni, ìjà sì ni ó ń tẹ̀lé e bí ẹnì kan bá sọ ọ́ di tirẹ̀.

Ibi tí Pandora kù sí

Kò yẹ kí ìyìn bo àṣìṣe mọ́lẹ̀. Ní Pandora, àti ewéko àti ọ̀pọ̀ ẹranko ni ó ń tàn. Ẹran tí ń tàn nínú òkùnkùn ti fi ara rẹ̀ fún ọdẹ. Nínú òkun, ẹ̀dá tí ó bá ń tàn ní ìdí tí ó fi ń ṣe bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n sinimá náà kò fún wa ní ìdí ti gbogbo ẹranko rẹ̀. Níbẹ̀ òfin já, ọ̀ṣọ́ sì wọlé. Èkejì ni pé àlejò ni a fi ṣe olùgbàlà. Jake tí kò mọ igbó ní ọjọ́ kìíní ni ó darí ogun àwọn onílẹ̀ ní ìkẹyìn, bí ẹni pé àwọn tí a bí sínú ìmọ́lẹ̀ kò lè gbà á sílẹ̀ fúnra wọn. Àwa tí àlejò ti sọ ìtàn ilẹ̀ wa fún wa rí mọ irú ìtàn bẹ́ẹ̀, ó sì tọ́ kí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa mọ̀ ọ́n pẹ̀lú.

Ohun tí ó kàn wá

Àwọn àròkọ tí a ń gbà lọ́wọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ kún fún igbó tí ń tàn. A ó kà pé igi náà ń tàn yanran, òdòdó náà ń dán gbinrin, odò náà ń kọ mànà. Lẹ́yìn èyí, kò sí ohun mìíràn. A kò mọ ẹni tí ó ń rí i. A kò mọ ohun tí ó ń ná. Bí a bá yọ ìmọ́lẹ̀ náà kúrò, ìtàn náà yóò máa lọ bí ó ti ń lọ. Fágúnwà kò ṣe bẹ́ẹ̀: ẹ̀dá inú igbó rẹ̀ ní orúkọ, ó ní ilé, ó ní ìwà, àlejò tí ó bá sì ṣàìmọ ìwà rẹ̀ yóò rí ìjà.

Kì í ṣe pé èdè wa kò tó. Èdè Yorùbá ti pín ìmọ́lẹ̀ lórúkọ kí àwọn onímọ̀ tó pín in. Oòrùn a máa ràn, òṣùpá a máa lé, iná a máa jó, fìtílà a máa tàn, irin a máa dán, mànàmáná a máa kọ, ilẹ̀ a máa mọ́. Òǹkọ̀wé tí ó bá sọ pé ewé kan ń jó ti sọ pé yóò di eérú. Bí ó bá sọ pé ó ń dán, ó ti sọ pé ìmọ́lẹ̀ ẹlòmíràn ni ó ń dá padà, bí ewéko inú ihò àpáta yẹn. Bí ó bá sọ pé ó ń tàn, a ní ẹ̀tọ́ láti bi í pé ta ni ó tàn án, kí ni epo rẹ̀, nígbà wo ni yóò kú. Ọ̀rọ̀-ìṣe kan ṣoṣo ti fi òfin lélẹ̀, ojúṣe òǹkọ̀wé sì ni kí ó pa á mọ́ títí dé òpin ìtàn.

Mo rọ àwọn olùkọ́ ilé-ìwé tí wọ́n ń ka ìwé yìí pé, bí ọmọ kan bá gbé irú igbó bẹ́ẹ̀ wá, kí wọ́n má ṣe fi ṣe yẹ̀yẹ́, kí wọ́n má sì tètè yìn ín. Kí wọ́n bi í léèrè ohun mẹ́ta: kí ni ó ń mú un tàn? Kí ni ó ń ná an? Ta ni kò lè rí i, kí sì ni ìdí rẹ̀? Ọmọ tí ó bá dáhùn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ti bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ìwé. Èyí tí kò bá lè dáhùn, kí a bá a pa sinimá tí ó ń wò tì fún ìgbà díẹ̀, kí a mú un jáde lóru sí ibi tí iná kò sí, kí ó dúró títí ojú rẹ̀ yóò fi mọ òkùnkùn, kí ó sì kọ ohun tí ó bá rí.